Bọ́ọ̀lù Tó Ti Bàjẹ́, Ẹ Gbé e fún Ben Tara

Ẹ má ní ẹnu mi lẹ ti gbọ́ ọ o. Ọkùnrin kan wà ní ìlú Perugia, ní ilẹ̀ Ítálì, tó jẹ́ pé bọ́ọ̀lù táwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti bà jẹ́ ni wọ́n máa ń gbé fún un pé kó bá àwọn tún un ṣe. Iṣẹ́ tó fi ń jẹun nìyẹn. Ọmọ Tùnísíà ni. Wassim Ben Tara ni orúkọ rẹ̀, ọdún 1996 ni wọ́n bí i. Ẹ ò gbọ́ orúkọ náà rí, àbí irọ́ ni mo pa? Ẹ̀yin tí ẹ mọ irú irun tí àwọn agbábọ́ọ̀lù Chelsea gẹ̀ lánàá, ẹ ò mọ ẹni tó gba ife ẹ̀yẹ mẹ́rin láàárín sáà kan ṣoṣo!

Fọ́líbọ́ọ̀lù ni mò ń sọ, eléyìí tí wọ́n ń fi ọwọ́ gbá kọjá lórí nẹ́ẹ̀tì. Ẹ má tíì yọ ṣùtì. Mo mọ̀ pé tí wọ́n bá ti dárúkọ Tùnísíà, Godwin Odiye ló máa ń sọ sí àwọn àgbà inú yín lọ́kàn. Ṣebí òótọ́ ni? Oṣù kọkànlá ọdún 1977, pápá ìṣeré Surulere kún dẹ́múdẹ́mú, ọ̀nà Ajẹntínà ti ń ṣí sílẹ̀ fún wa láti lọ gbá Ife Àgbáyé. Àwọn ará Tùnísíà gbá bọ́ọ̀lù wá sí iwájú ilé wa, Odiye fò sókè kó fi orí lé e jáde, orí bá gbé e wọ inú àwọ̀n tiwa. 1-0. Ó parí. Títí di òní, àwọn bàbá kan wà tó jẹ́ pé ẹ má dárúkọ ọkùnrin náà létí wọn tí wọ́n bá ń jẹun. Ẹ fi í sílẹ̀ jàre! Àwọn tó lù wá yẹn, nígbà tí wọ́n dé Ajẹntínà, wọ́n na Mẹ́síkò ní 3-1, àwọn ni orílẹ̀-èdè Áfíríkà àkọ́kọ́ tó máa borí nínú Ife Àgbáyé. Ó ṣáà sàn kí alágbára luni ju kí ọ̀lẹ luni lọ.

Inú wọn kì í sì í pẹ́ ru. Ọdún 1978 náà, ní Accra, àwa àti àwọn tún pàdé níbi tí a ti ń du ipò kẹta nínú ife ilẹ̀ Áfíríkà. Ayò di 1-1, ìwà rẹfirí ò tẹ́ wọn lọ́rùn, wọ́n bá kó aṣọ wọn, ó di inú bọ́ọ̀sì. Bí Nàìjíríà ṣe gba àmì ẹ̀yẹ bàbà lọ́fẹ̀ẹ́ nìyẹn. A ò gbọdọ̀ sọ fún àwọn ọmọ wa pé a là á lóógùn.

Níbo ni mo bá ọ̀rọ̀ dé? Ẹ̀n ẹ́n, fọ́líbọ́ọ̀lù. Bí a ṣe ń bá Tùnísíà jà nítorí bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀, a ò mọ̀ pé wọ́n ní yàrá mìíràn lẹ́yìn ilé tí wọ́n ń kó ife pamọ́ sí. Nínú fọ́líbọ́ọ̀lù ọkùnrin, kò sí ẹni tó gba ife ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà tó wọn. 1967 ni ìdíje náà bẹ̀rẹ̀, nílé wọn ní Tunis, àwọn ló sì gba ti àkọ́kọ́. 2017, tiwọn. 2019, tiwọn. 2021 ní Kigali, wọ́n na Kamẹrúùnù, ó di ìkọkànlá. Íjíbítì ló wá já a gbà lọ́wọ́ wọn ní 2023, ẹ sì mọ̀ pé àwọn méjèèjì ò lè jókòó sórí bẹ́ǹṣì kan náà kí ẹnì kan má ṣubú.

Ẹ̀yin tí ẹ rántí Étoile du Sahel tí Enyimba gba ife lọ́wọ́ wọn ní 2004, tàbí Espérance tó ń fojú àwọn ẹgbẹ́ wa rí màbo, ẹgbẹ́ kan náà yẹn ló ń gbá fọ́líbọ́ọ̀lù o. Orúkọ kan náà, àwọ̀ aṣọ kan náà, àwọn olólùfẹ́ kan náà tó ń pariwo. Tí wọ́n bá jẹ àjẹyó ìyà lọ́jọ́ Sátidé lórí pápá, wọ́n á lọ gbẹ̀san lọ́jọ́ Sọ́ńdè nínú gbọ̀ngàn. Ìlú kan tilẹ̀ wà tí wọ́n ń pè ní Kélibia, ìlú apẹja ni, ní etíkun Cap Bon, odi àtijọ́ kan wà lórí òkè tó ń wo òkun. Fọ́líbọ́ọ̀lù ni wọ́n fi mọ ìlú yẹn jákèjádò Tùnísíà. Fọ́líbọ́ọ̀lù àti wáìnì. Mi ò sọ pé ọ̀kan ló bí èkejì.

Ó dáa, Ben Tara. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ ṣàlàyé iṣẹ́ rẹ̀, nítorí tí ẹ ò bá mọ iṣẹ́ yẹn, ẹ ò ní mọ ìdí tí mo fi ń bá yín sọ̀rọ̀ rẹ̀.

Èèyàn mẹ́fà ló ń wà lápá kan nẹ́ẹ̀tì. Tí bọ́ọ̀lù bá ti wọlé, ẹ̀ẹ̀mẹta péré lẹ láṣẹ láti fọwọ́ kàn án kó tó padà sílé onílé. Ẹni àkọ́kọ́ á gbà á, ẹni kejì á gbé e sókè, ẹni kẹta á fò, á sì gbá a mọ́lẹ̀. Tí ẹni àkọ́kọ́ bá gbà á dáadáa, ọba ni ẹni kejì. Ó lè gbé e sí àárín, ó lè gbé e sí òsì, ó lè kọjú síbì kan kó sì gbé e síbòmíì, àwọn tó wà lódìkejì á kàn máa fò sókè níbi tí bọ́ọ̀lù ò sí. Ìyẹn dùn ún wò. Ìyẹn ni wọ́n máa ń fi hàn nínú fídíò.

Àmọ́ tí ẹni àkọ́kọ́ kò bá gbà á dáadáa ńkọ́? Bọ́ọ̀lù ti fò lọ sọ́dọ̀ àwọn tó jókòó, ẹni kejì ń sáré lé e, ó ti kẹ́yìn sí nẹ́ẹ̀tì, kò ríran. Kò sí ọgbọ́n mọ́. Ibì kan ló sábà máa ń kù tó lè jù ú sí: lókè fíofío, lọ́wọ́ ọ̀tún, níbi tí ẹni tó ń dúró ní ìdojúkọ rẹ̀, ìyẹn Ben Tara, wà. Gbogbo ayé ló mọ̀ pé ibẹ̀ ló ń bọ̀. Àwọn òmìrán méjì, nígbà mìíràn mẹ́ta, ti na ọwọ́ sókè dè é lórí nẹ́ẹ̀tì tó ga ní mítà 2.43. Tó bá jẹ́ ẹ̀yìn ni Ben Tara ti ń bọ̀, á fò kí ẹsẹ̀ rẹ̀ tó tẹ ìlà mítà mẹ́ta, á wá ihò abẹ́rẹ́ láàárín ọwọ́ wọn. Tó bá wọlé, gbogbo wọn á dì mọ́ra. Tí kò bá wọlé, òun ló pàdánù rẹ̀. Kò sẹ́ni tó máa padà lọ bi ẹni àkọ́kọ́ pé, ìwọ lágbájá, irú bọ́ọ̀lù wo lo gbà yẹn?

Ẹ̀yin ìyá, ṣé kò jọ ọ̀rọ̀ àkọ́bí obìnrin? Ìyá ò rówó ilé san, ẹ pe àǹtí. Àbúrò fún ọmọ ọlọ́mọ lóyún, ẹ pe àǹtí. Ẹni tó ba nǹkan jẹ́ á ti sùn, á máa hanrun.

Wọ́n ṣe é lóore díẹ̀ ṣá o. Nítorí iṣẹ́ líle yẹn, wọn kì í jẹ́ kó gba bọ́ọ̀lù àkọ́kọ́. Tí wọ́n bá ń gbá bọ́ọ̀lù wá láti òdìkejì, á sún sẹ́gbẹ̀ẹ́, àwọn yòókù á máa gbà á. Àwọn tí kò mọ̀dí á ní ọ̀lẹ ni. Ẹ rántí pé èmi ti sọ fún yín.

Ṣáájú kó tó dé Perugia, Pólándì ni ọkùnrin náà ti ń gbá a, ní ìlú kan tó ń jẹ́ Nysa, ní ìhà gúúsù ìwọ̀-oòrùn. Àwọn ará ibẹ̀ ń pe ìlú wọn ní Róòmù Silesia, nítorí ṣọ́ọ̀ṣì pọ̀ níbẹ̀. Ẹgbẹ́ rẹ̀ ni Stal Nysa. Kì í ṣe ẹgbẹ́ tó ń kó ife o, ẹgbẹ́ tí inú wọn ń dùn tí wọn ò bá ti sí nísàlẹ̀ tábìlì ni. Ẹ wá rò ó: nínú irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀, mélòó nínú bọ́ọ̀lù tí wọ́n máa gbé fún un ló máa dáa? Bí ẹ bá fẹ́ kọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ìgbákúgbà di àmì ayò, ẹ ò nílò yunifásítì, ẹ lọ sí ẹgbẹ́ kékeré nínú líìgì ńlá.

Líìgì ńlá ni mo sì sọ. Bí àwa ṣe ya wèrè sí bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ará Pólándì ya wèrè sí fọ́líbọ́ọ̀lù. Ní 2014 tí wọ́n gbàlejò ìdíje àgbáyé, inú pápá bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ tó tóbi jù ní Warsaw ni wọ́n ti gbá ti àkọ́kọ́ pẹ̀lú Serbia, àwọn tó wá wò ó lé ní 60,000. Fọ́líbọ́ọ̀lù o! Wọ́n gba ife náà lọ́dún yẹn, wọ́n tún gbà á ní 2018. Ọmọ Tùnísíà tó bá ń rí oúnjẹ jẹ nírú ibẹ̀, ẹ yẹ́ ẹ sí.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti Tokyo. Èyí ń dùn mí bíi pé mo wà níbẹ̀. Òlíńpíìkì 2020 tí kòrónà sún di 2021. Ìgbà keje Tùnísíà nìyẹn nínú fọ́líbọ́ọ̀lù Òlíńpíìkì, Ben Tara sì wà lára àwọn tó lọ. Gbọ̀ngàn ṣófo, kò séèyàn, ohùn bàtà nìkan lẹ ń gbọ́. Wọ́n kó wọn sí ẹgbẹ́ kan náà pẹ̀lú Bràsílì, Rọ́ṣíà, Amẹ́ríkà, Faransé àti Ajẹntínà. Ẹ sọ fún mi, irú ìbò wo ni wọ́n dì tó mú irú èyí jáde? Bràsílì nà wọ́n ní 3-0. Faransé nà wọ́n ní 3-0, Rọ́ṣíà náà 3-0. Wọ́n já sẹ́ẹ̀tì kan gbà lọ́wọ́ Amẹ́ríkà. Ti Ajẹntínà ló wá yàtọ̀.

Ajẹntínà yìí náà ṣá! Wọ́n gbá a, wọ́n gbá a, ó di 2-2. Sẹ́ẹ̀tì karùn-ún, tó jẹ́ pé ayò 15 ni wọ́n ń gbá a dé, kì í ṣe 25, ibẹ̀ ni ẹ̀mí ti máa ń bọ́. Ajẹntínà borí ní 3-2. Tùnísíà padà sílé láìborí ẹnikẹ́ni. Àmọ́ ẹ gbọ́ èyí tó kù: Ajẹntínà yẹn ò dúró, wọ́n lu Bràsílì láti gba àmì ẹ̀yẹ bàbà. Faransé tó wà nínú ẹgbẹ́ kan náà ló gba wúrà, Rọ́ṣíà ló gba fàdákà. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó: gbogbo àwọn mẹ́ta tó gun orí pèpéle ló ti kọ́kọ́ na Tùnísíà. Ó ku díẹ̀ kí ọ̀kan nínú wọn má gun ún.

Èyí tó sì bà á jẹ́ pátápátá ni pé Òlíńpíìkì yẹn kan náà ni ọmọdékùnrin ọlọ́dún 18 kan láti Tùnísíà, Ahmed Hafnaoui, wọ inú omi. Òun ló gbẹ̀yìn nínú àwọn mẹ́jọ tó yege wọ ìparí 400 mítà, ẹ̀gbẹ́ ògiri ni wọ́n tì í sí. Ó bá gba wúrà! Tùnísíà dàrú. Ta ló tún fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ àwọn tó sún mọ́ Ajẹntínà? Ọdún tó tẹ̀ lé e, Ons Jabeur dé ìparí Wimbledon, ó tún dé ibẹ̀ ní 2023. Gbogbo ìlù ni wọ́n lù fún un. Ó sì yẹ ẹ́, mi ò jowú. Mo kàn ń sọ pé nílé tí irú àwọn ọmọ bẹ́ẹ̀ wà, ẹni tó ń fò lórí nẹ́ẹ̀tì máa pẹ́ kí wọ́n tó bi í pé ṣé ó ti jẹun.

2022, ìdíje àgbáyé. Tùnísíà jáde nínú ẹgbẹ́ wọn, wọ́n wọ ìpele àwọn mẹ́rìndínlógún. Ta ni wọ́n máa bá pàdé? Pólándì. Níbo? Gliwice, ní Pólándì! Líìgì ẹni, ọ̀gá ẹni, ilé ẹni tí à ń háyà. 3-0. Ó tún di ilé.

Ó wá kan Perugia, ibi tí mo ti ń bọ̀ látàárọ̀. Ìlú kan lórí òkè, ní ìpínlẹ̀ Umbria, kò jìnnà sí Róòmù gidi. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣe ṣokoléètì Baci, láti 1922, tí wọ́n máa ń ki ìwé ọ̀rọ̀ ìfẹ́ péńpé sínú ìdìpọ̀ rẹ̀. Ẹ ò rí i bí wọ́n ṣe gbọ́n? Ọkọ tí kò mọ ọ̀rọ̀ sọ kàn ní láti ra páálí kan.

Kì í ṣe Ben Tara ni ọmọ àríwá Áfíríkà àkọ́kọ́ tó lọ fi bọ́ọ̀lù jẹun níbẹ̀ o. Háà! Ẹ gbàgbé Saadi, ọmọ Gaddafi? Ní 2003, ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ Perugia gba ọmọ olórí Líbíà wọlé pé ó jẹ́ agbábọ́ọ̀lù. Wọ́n yẹ ìtọ̀ rẹ̀ wò, wọ́n bá oògùn níbẹ̀, wọ́n ní kó lọ jókòó. Nígbà tó ṣe, wọ́n jẹ́ kó wọlé díẹ̀ nínú eré kan pẹ̀lú Juventus, ní 2004. Ìyẹn nìkan ló gbá fún Perugia nínú líìgì. Ọmọ ọlọ́rọ̀, bọ́ọ̀lù ò mọ bàbá ẹni. Torí náà, tí ọmọ Tùnísíà kan bá tún dé lọ́dún 2023 pé òun wá gbá bọ́ọ̀lù, mi ò ní bá àwọn àgbà ìlú jà tí wọ́n bá kọ́kọ́ wò ó láti orí dé ẹsẹ̀.

Ẹgbẹ́ fọ́líbọ́ọ̀lù ibẹ̀ yàtọ̀ ṣá. Gino Sirci ló ni ín, ọkùnrin oníṣòwò tó ń ta aṣọ àti bàtà tí àwọn òṣìṣẹ́ fi ń dáàbò bo ara wọn. Inú rẹ̀ ò dùn rárá nígbà tí Ben Tara máa dé. Ẹ gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ní sáà 2022 sí 2023, Perugia gbá eré 22 nínú líìgì, wọ́n borí nínú méjìlélógún gbogbo. Ẹ ò gbọ́ bí? Gbogbo rẹ̀! Wọ́n wá dé ibi tí wọ́n ti ń lé ara wọn jáde, wọ́n pàdé Milano tó ṣe ipò kẹjọ, Milano ní ibi yìí lẹ ti máa sọ̀ kalẹ̀. Ẹni tó gbé oúnjẹ dé ẹnu, tó wá bọ́ sílẹ̀! Akọ́nimọ̀ọ́gbá lọ. Wọ́n lọ mú Angelo Lorenzetti wá, ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ife líìgì náà fún Trento, bí ó ṣe bọ́ aṣọ Trento ló wọ ti Perugia. Kamil Rychlicki tó ń gbá ipò tí Ben Tara wá gbà náà kó ẹrù, ó sì gba Trento lọ. Èmi ò sọ pé wọ́n pààrọ̀ ara wọn, ẹ̀yin náà ẹ ka ìka yín.

Nígbà tí Ben Tara wọlé, ta ló bá níbẹ̀? Simone Giannelli ló ń gbé bọ́ọ̀lù sókè, balógun Ítálì, ẹni tí wọ́n yàn ní ọ̀gá jù lọ nínú ìdíje àgbáyé 2022. Láti Nysa bọ́ sọ́wọ́ Giannelli! Bọ́ọ̀lù tó dáa wá bẹ̀rẹ̀ sí í kàn án náà. Ó tún bá Wilfredo León, ọmọ Cuba tó ti di ọmọ Pólándì, tí bọ́ọ̀lù rẹ̀ máa ń dún nílẹ̀. Àwọn olólùfẹ́ wọn ń pe ara wọn ní Sirmaniaci, orúkọ ọ̀gá ni wọ́n fi ya wèrè.

Sáà yẹn, ẹ kà á pẹ̀lú mi. Wọ́n gba Supercoppa ti Ítálì. Oṣù kejìlá 2023, wọ́n lọ sí Bangalore ní Íńdíà, wọ́n na Minas ti Bràsílì, wọ́n di ẹgbẹ́ tó dáa jù lágbàáyé. 2024 wọlé, wọ́n gba ife Ítálì lọ́wọ́ Monza. Oṣù kẹrin, wọ́n tún pàdé Monza náà níbi ife líìgì, wọ́n tún gbà á. Láti 2018 ni wọn ò ti rí ti líìgì yẹn gbà mọ́. Monza ìlú tí wọ́n ti ń fi mọ́tò sáré, àfi bíi pé táyà jò.

Ó wá ku ẹyọ kan, ife Champions ti ilẹ̀ Yúróòpù, ibí yìí sì ni òfófó ọ̀rọ̀ náà wà gan-an. Ní 2017, Perugia dé ìparí rẹ̀ ní Róòmù, Zenit Kazan gbà á mọ́ wọn lọ́wọ́. Ta ló wà nínú Kazan? León. Ó dà bíi pé Sirci ronú pé ẹni tó nà mí, ẹ lọ mú un wá fún mi. León dé ní 2018, ó lo sáà mẹ́fà ní Perugia, ife yẹn kọ̀, kò wá. 2024, León kó lọ sí Lublin ní Pólándì. Ọdún kan péré lẹ́yìn tó lọ, Perugia wọ ìparí, ní Łódź, ní Pólándì, pẹ̀lú ẹgbẹ́ Zawiercie ti Pólándì, lójú àwọn ará Pólándì tí Ben Tara ti gbá bọ́ọ̀lù láàárín wọn rí. Ó lọ, ó bọ̀, ó di 2-2. Sẹ́ẹ̀tì karùn-ún tí Ajẹntínà fi nà án ní Tokyo, òun náà tún rèé. Perugia 3-2. Ife Champions àkọ́kọ́ wọn láti ọjọ́ tí wọ́n ti dáyé.

Àwọn ará Zawiercie ló ń ṣe mí láàánú jù. Oṣù karùn-ún 2025 yẹn náà, kó tó di pé wọ́n lọ sí Łódź, wọ́n ti kọ́kọ́ wọ ìparí líìgì Pólándì, ọwọ́ wọn sì kù díẹ̀ kó tẹ ife yẹn. Lublin ló gbà á mọ́ wọn lọ́wọ́. Ẹ̀yin náà ẹ mọ ẹni tó wà ní Lublin. Kí wọ́n tó nu ojú tán, Ben Tara àtàwọn èèyàn rẹ̀ ti dé láti Perugia.